Óòtì Yíyan Pẹ̀lú Èso àti Nọ́ọ̀tì, Oúnjẹ Àárọ̀ fún Gbogbo Ilé

Ohun tí mo fẹ́ràn jù nípa óòtì yíyan (ìyẹn oats tá a yan nínú ófùnù) ni pé ẹni tó se é náà máa ń ráyè jókòó jẹun pẹ̀lú àwọn tó kù. Tó bá jẹ́ óòtì inú ìkòkò ni, ẹnì kan gbọ́dọ̀ dúró tì í, kó máa rò ó, kó má baà jóná nísàlẹ̀, kó má baà ru jáde, tẹ́ ẹ bá sì fi máa bu ti ẹni ìkẹyìn, ó ti dì gan-an nínú ìkòkò. Èyí tá a yan nínú ófùnù ò rí bẹ́ẹ̀ rárá. Ẹ máa pò ó pọ̀, ẹ máa tì í wọ ófùnù, ẹ máa fi nǹkan bíi ìṣẹ́jú 40 wẹ àwọn ọmọ, kẹ́ ẹ wá bàtà ẹsẹ̀ kan tó sọnù, kẹ́ ẹ wá ìwé tó yẹ kó ti wà nínú báàgì látàná, nígbà tẹ́ ẹ bá máa fi padà dé kíṣìnì, òórùn sínámọ́nì á ti gba gbogbo ilé, gbogbo yín á sì jọ jẹ ẹ́ ní gbígbóná lẹ́ẹ̀kan náà.

Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ sọ bó ṣe yẹ kó rí tó bá jinná. Óòtì yíyan tó dáa, ọ̀bẹ á gé e sí igun mẹ́rin, á sì dúró lórí abọ́, ṣùgbọ́n tí ṣíbí bá kàn án, á wọlé láìjà. Òkè ẹ̀ á pọ́n, nọ́ọ̀tì orí ẹ̀ (ẹ̀pà, kajú àti irú wọn) á máa ró kẹ́rẹ́kẹ́rẹ́ lẹ́nu, inú ẹ̀ á rọ̀, á lómi lára. Kì í gbẹ, kì í sì í ṣàn. Gbogbo ohun tí mo sì máa sọ látìsinsìnyí lọ, orí omi ló dá lé: iye mílíìkì tẹ́ ẹ bù sí i, iye tí óòtì lè mu, omi tó ń bọ̀ lára èso, àti àsìkò tẹ́ ẹ fún un láti mu ún tán. Ẹni tó bá ti mọ̀yẹn lè pààrọ̀ èso bó ṣe wù ú, ó lè dín ohun dídùn kù, ó lè fi òróró rọ́pò bọ́tà, oúnjẹ ẹ̀ á ṣì dáa.

Irú óòtì tẹ́ ẹ máa rà

Óòtì pẹlẹbẹ ni, èyí tí wọ́n máa ń kọ "rolled oats" tàbí "old-fashioned oats" sára páálí ẹ̀. Oru omi gbígbóná ni wọ́n fi máa ń rọ odindi wóró ẹ̀, wọ́n á wá fi ẹ̀rọ tẹ̀ ẹ́ pẹlẹbẹ, ìdí nìyẹn tó fi ń tètè mu omi, síbẹ̀ wóró ẹ̀ ò ní túká, ẹ̀ẹ́ ṣì mọ̀ pé óòtì lẹ̀ ń jẹ.

Èyí tí wọ́n ń pè ní "quick oats" ṣeé lò tó bá jẹ́ òun nìkan ló wà nílé, àmọ́ wọ́n ti tẹ̀ ẹ́ fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ jù, wọ́n tún ti gé e kéékèèké, inú ẹ̀ á rọ̀ ju bó ṣe yẹ lọ. Tẹ́ ẹ bá fẹ́ lò ó, ẹ dín mílíìkì kù ní ṣíbí ìjẹun 3 tàbí 4, kẹ́ ẹ sì bẹ̀rẹ̀ sí í yẹ̀ ẹ́ wò ní bíi ìṣẹ́jú 5 ṣáájú àsìkò. Èyí tó jẹ́ wóró gígé, "steel-cut", ẹ má fi ṣe èyí rárá o, ó le, omi púpọ̀ ló ń fẹ́, àsìkò ẹ̀ náà sì gùn, tẹ́ ẹ bá kàn fi rọ́pò pẹlẹbẹ, ńṣe lẹ máa jẹ òkúta nínú mílíìkì. Bẹ́ẹ̀ náà ni ti inú ọ̀rá kéékèèké tí wọ́n ti po ṣúgà àti àdídùn mọ́, ẹ fìyẹn sílẹ̀ fún ọjọ́ míì.

Ohun tá a nílò

Ìwọ̀n yìí wà fún páànù onígun mẹ́rin tó jẹ́ sẹ̀ǹtímítà 20 níbùú àti lóròó, ìyẹn ínṣì 8 sí 8, tó sì jìn tó sẹ̀ǹtímítà 5. Ó tó èèyàn 6. Ife tí mo ń sọ ni ife ìdíwọ̀n ti mílílítà 240, ṣíbí ìjẹun ni ti mílílítà 15, ṣíbí tíì ni ti mílílítà 5, kẹ́ ẹ sì gé orí ẹ̀ dọ́gba.

Óòtì pẹlẹbẹ, ife 2 (bíi gíráàmù 180 sí 200)
Mílíìkì olómi, ife 1 àti ìdá mẹ́ta nínú mẹ́rin (mílílítà 420)
Ẹyin ńlá 2
Bọ́tà yíyọ́, ṣíbí ìjẹun 3
Oyin, ìdá kan nínú mẹ́rin ife (mílílítà 60)
Ọ̀gẹ̀dẹ̀ wẹ́wẹ́ tó pọ́n dáadáa, 2
Èso míì, ife 1 àti ààbọ̀
Nọ́ọ̀tì tẹ́ ẹ ti gé, ààbọ̀ ife sí ìdá mẹ́ta nínú mẹ́rin ife
Béékìn páúdà, ṣíbí tíì 1
Sínámọ́nì lílọ̀, ṣíbí tíì 1
Iyọ̀, ààbọ̀ ṣíbí tíì
Fànílà olómi, ṣíbí tíì 1

Tẹ́ ẹ bá pọ̀ nílé, ẹ sọ gbogbo ẹ̀ di ìlọ́po méjì, ẹ lo páànù ínṣì 9 sí 13, kẹ́ ẹ sì fi bíi ìṣẹ́jú 10 kún àsìkò ẹ̀.

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má yọ iyọ̀ kúrò. Èèyàn lè máa rò pé nǹkan dídùn ni, kí niyọ̀ ń wá níbẹ̀, àmọ́ óòtì tí ò níyọ̀ máa ń tẹ́ lẹ́nu, bẹ́ ẹ bá da oyin inú ìgò tán sí i kò ní dùn tó bó ṣe yẹ. Ààbọ̀ ṣíbí tíì yẹn ló ń gbé adùn èso àti ti sínámọ́nì jáde.

Nípa èso, ibí yìí ni kẹ́ ẹ ti fara balẹ̀

Ọ̀gẹ̀dẹ̀ wẹ́wẹ́ ni mo fi ṣe ìpìlẹ̀, torí iṣẹ́ méjì ló ń ṣe, ó ń mú un dùn, ó sì ń jẹ́ kó rọ̀. Àmọ́ kì í ṣe èyí tí èèpo ẹ̀ ṣì ní àwọ̀ ewé lára o. Èyí tí èèpo ẹ̀ ti ní àmì dúdú dúdú káàkiri, tó jẹ́ pé tẹ́ ẹ bá mú un dání ọwọ́ yín á fẹ́ wọ inú ẹ̀, èyí táwọn ọmọ ò fẹ́ jẹ mọ́ torí wọ́n ní ó ti bà jẹ́, òun gan-an la fẹ́. Bí ọ̀gẹ̀dẹ̀ bá ṣe ń pọ́n sí i ni sítáàṣì inú ẹ̀ ń di ṣúgà, ìdí nìyẹn tí ìdá kan nínú mẹ́rin ife oyin fi tó fún odindi páànù kan. Ẹ fi fọ́ọ̀kì tẹ̀ ẹ́ mọ́lẹ̀ nínú abọ́ títí á fi rọ̀ pátápátá, tí kókó kéékèèké bá ṣì wà níbẹ̀, kò burú.

Ife kan àti ààbọ̀ tó kù, ẹ lè lo ohunkóhun tẹ́ ẹ bá ní, ṣùgbọ́n èso ò dọ́gba nínú omi. Blueberry àti rasibẹ́rì dáa púpọ̀ torí wọ́n máa ń bẹ́ nínú ófùnù, omi wọn á wá ṣàn sínú óòtì tó yí wọn ká. Tó bá jẹ́ ti inú fírísà ni, ẹ má jẹ́ kó yọ́ kẹ́ ẹ tó lò ó. Bó ṣe le bí yìnyín yẹn náà ni kẹ́ ẹ ṣe dà á sí i, torí tó bá ti yọ́, omi ẹ̀ á ti jáde, á sọ gbogbo óòtì yín di aláwọ̀ eérú, páànù yín á sì lómi jù. Ẹ kàn fi ìṣẹ́jú 5 sí i kún àsìkò ófùnù. Ohun kan tún wà tó máa ń dẹ́rù ba àwọn èèyàn, wọ́n á rí i pé àyíká blueberry dà bíi pé ó ní àwọ̀ ewé, wọ́n á rò pé ó ti bà jẹ́. Kò bà jẹ́. Béékìn páúdà ló ń yí àwọ̀ ẹ̀ padà tó bá pọ̀ jù, torí náà ẹ má kọjá ṣíbí tíì kan.

Ápù àti píà, ẹ gé wọn kéékèèké bíi sẹ̀ǹtímítà kan, kò pọn dandan kẹ́ ẹ bó èèpo wọn. Tó bá tóbi jù bẹ́ẹ̀ lọ, óòtì á ti jinná kí ápù tó rọ̀. Strọ́bẹ́rì lómi púpọ̀, ẹ gé e sí méjì méjì, kẹ́ ẹ má lò ju ife kan lọ. Máńgòrò dáa, píìṣì náà dáa, àmọ́ ẹ yan èyí tí kò tíì rọ̀ jù. Àjàrà gbígbẹ àti dàbínù ò ní omi lára, ńṣe ni wọ́n máa ń fa mílíìkì mu, torí náà ẹ rẹ wọ́n sínú omi gbígbóná fún ìṣẹ́jú 10 kẹ́ ẹ tó sẹ́ wọn, ààbọ̀ ife sì ti tó. Tẹ́ ẹ bá fi dàbínù sí i, ẹ lè dín oyin kù sí ṣíbí ìjẹun 2, torí dàbínù fúnra ẹ̀ dùn bí oyin.

Ọ̀pẹ̀ òyìnbó tútù, ìbẹ́pẹ àti kíwì, ẹ ṣọ́ra fún wọn. Wọ́n ní ohun kan nínú tó máa ń já èròjà purotéènì inú mílíìkì, tẹ́ ẹ bá pò wọ́n mọ́ mílíìkì tẹ́ ẹ sì gbé e sínú fìríìjì mọ́jú, ó lè korò. Iná ló máa ń pa agbára nǹkan ọ̀hún. Èyí tí wọ́n ti sè sínú agolo ò ní ìṣòro yẹn, tútù náà ò sì ní ìṣòro tó bá jẹ́ pé bẹ́ ẹ ṣe ń pò ó lẹ ti ń tì í wọ ófùnù.

Nọ́ọ̀tì náà ní tiẹ̀

Walnut, pecan, álímọ́ńdì, kajú, ẹ̀pà, gbogbo ẹ̀ ló ṣeé lò. Èmi máa ń fẹ́ walnut tàbí pecan torí wọ́n rọ̀ díẹ̀, wọn ò ní bá eyín jà láàárọ̀ kùtù. Ẹ kọ́kọ́ tọ́ ọ wò ná. Nọ́ọ̀tì ní òróró púpọ̀ lára, tó bá ti pẹ́ nílé, òróró yẹn máa ń kan, á máa rùn bí òróró àtijọ́, á sì korò lẹ́yìn ọ̀fun, ẹyọ kan péré tó ti kan lè ba gbogbo páànù jẹ́.

Ẹ yan án kẹ́ ẹ tó lò ó, mo bẹ̀ yín, ẹ má fo ibí yìí. Ẹ tẹ́ ẹ sórí páànù pẹlẹbẹ, ẹ tì í sínú ófùnù tó gbóná tó dígíríì Celsius 180 fún bíi ìṣẹ́jú 7 sí 10, tàbí kẹ́ ẹ yan án nínú páànù ìdíńkan tí ò lépo, lórí iná kékeré, kẹ́ ẹ máa yí i. Tí òórùn ẹ̀ bá ti ń jáde, ẹ tètè dà á kúrò nínú páànù, torí páànù gbígbóná yẹn á ṣì máa yan án lọ. Tó bá tutù tán, ẹ wá gé e. Tó bá jẹ́ èyí tí wọ́n ti fi iyọ̀ sí ni, ẹ dín iyọ̀ tiyín kù sí ìlàjì.

Ẹ pín nọ́ọ̀tì yẹn sí méjì. Ìdajì á wọ inú ẹ̀, ìdajì á wà lórí. Ti inú máa rọ̀ torí omi, á kàn máa fún ẹnu ní nǹkan jẹ, ti orí ló máa ró.

Ọ̀rọ̀ ọmọdé ńkọ́. Ọmọ tí ò tíì pé ọdún 5, ẹ má fún un ní nọ́ọ̀tì odindi tàbí èyí tẹ́ ẹ gé ṣákaṣàka, ó lè há a lọ́fun, ẹ lọ̀ ọ́ kúnná kẹ́ ẹ tó pò ó mọ́ ọn. Ọmọ tí ò tíì pé ọdún 1, kò gbọdọ̀ jẹ oyin rárá, kódà oyin tí wọ́n ti fi yan nǹkan, torí kòkòrò kan wà tó máa ń wà nínú oyin nígbà míì tí ooru ófùnù kò lè pa, ó sì léwu fún ọmọ ọwọ́. Tí irú ọmọ bẹ́ẹ̀ bá wà nílé, ọ̀gẹ̀dẹ̀ nìkan ni kẹ́ ẹ fi mú páànù yẹn dùn, àwọn àgbà á wá da oyin sórí tiwọn lórí tábìlì. Tí ara ẹnì kan ò bá sì gba nọ́ọ̀tì, kóró sunfláwà tàbí kóró ẹlẹ́gẹ̀dẹ̀ á ṣe iṣẹ́ kan náà, ẹ kàn rí i pé wọ́n kọ ọ́ sára ọ̀rá ẹ̀ pé kò sí nọ́ọ̀tì níbi tí wọ́n ti dì í.

Ó yá, ẹ jẹ́ ká pò ó

Ẹ kọ́kọ́ tan ófùnù sí dígíríì Celsius 190, tó jẹ́ 375 fún àwọn tó ń lo Fahrenheit. Tó bá jẹ́ ófùnù tó ní fáànù, 170 ti tó. Ẹ jẹ́ kó gbóná dáadáa kí páànù tó wọlé. Ẹ fi bọ́tà díẹ̀ pa inú páànù, ẹ má gbàgbé igun ẹ̀ mẹ́rẹ̀ẹ̀rin torí ibẹ̀ ló máa ń lẹ̀ mọ́.

Ẹ da óòtì, béékìn páúdà, sínámọ́nì, iyọ̀ àti ìdajì nọ́ọ̀tì sínú abọ́ ńlá, ẹ fi ṣíbí rò ó pọ̀. Àwọn kan máa ń da gbogbo nǹkan sínú páànù lẹ́ẹ̀kan náà kí abọ́ tí wọ́n máa fọ̀ lè dín kù, mo gbọ́ yẹn yé, ṣùgbọ́n béékìn páúdà máa ń gbá jọ sójú kan, ẹnì kan á bù ú jẹ lọ́jọ́ náà, á korò mọ́ ọn lẹ́nu. Ẹ kúkú lo abọ́.

Nínú abọ́ kejì, ibi tẹ́ ẹ ti tẹ ọ̀gẹ̀dẹ̀ yẹn, ẹ fọ́ ẹyin sí i, ẹ lù ú pọ̀ kó parapọ̀. Ẹ da oyin àti fànílà sí i, lẹ́yìn náà mílíìkì. Bọ́tà ló kẹ́yìn. Ohun méjì lẹ máa ṣọ́ nípa bọ́tà. Àkọ́kọ́, tẹ́ ẹ bá yọ́ ọ tán, ẹ jẹ́ kó lọ́ wọ́ọ́rọ́ ná, torí bọ́tà tó ń hó máa se ẹyin yín kẹ́ ẹ tó dé ófùnù. Èkejì, mílíìkì tó ń bọ̀ láti inú fìríìjì ní tútù nini máa ń mú bọ́tà yíyọ́ dì padà lójú ẹsẹ̀, ẹ̀ẹ́ rí i tó ń fò lórí ẹ̀ ní kókó kókó. Ẹ gbé mílíìkì síta fún bíi ààbọ̀ wákàtí ṣáájú, tàbí kẹ́ ẹ mú un lọ́ díẹ̀ lórí iná. Tó bá ti dì náà, ẹ má dà á nù, inú ófùnù á tún yọ́ ọ, ó kàn lè má kárí dáadáa ni. Òróró olómi ò ní ìdààmú yẹn, ṣíbí ìjẹun 3 náà ni, àmọ́ òórùn bọ́tà ò ní sí níbẹ̀.

Ẹ wá da ti olómi yìí sórí óòtì, ẹ rò ó pọ̀. Ẹ tẹ́ ìdajì èso sí ìsàlẹ̀ páànù, ẹ da óòtì yẹn lé e lórí, ẹ fi ẹ̀yìn ṣíbí tì í dé igun gbogbo, ẹ wá tẹ́ èso tó kù sórí ẹ̀ àti nọ́ọ̀tì. Á dà bíi pé omi pọ̀ jù o. Mílíìkì á máa rìn lórí ẹ̀, óòtì á rì sísàlẹ̀, tẹ́ ẹ bá mi páànù gbogbo ẹ̀ á máa mì. Bó ṣe yẹ kó rí nìyẹn. Ibí yìí lọ̀pọ̀ èèyàn ti máa ń bẹ̀rù, wọ́n á wá fi óòtì ife kan kún un, nígbà tó bá jinná á wá gbẹ gbáú, á máa há lọ́fun. Ẹ má fi nǹkan kan kún un. Ẹ kàn jẹ́ kó jókòó bíi ìṣẹ́jú 5 sí 10 lórí tábìlì kí óòtì bẹ̀rẹ̀ sí í mu omi, kẹ́ ẹ tó tì í wọlé.

Inú ófùnù

Ẹ gbé e sí àárín ófùnù, láìdé e, fún ìṣẹ́jú 35 sí 40. Ófùnù kọ̀ọ̀kan ló ní tiẹ̀, torí náà ojú ni kẹ́ ẹ gbà gbọ́ ju aago lọ. Tó bá di bíi ìṣẹ́jú 25, ẹ yọjú wò ó, tí nọ́ọ̀tì orí ẹ̀ bá ti ń pọ́n jù, ẹ fi fọ́ìlì bò ó fẹ́ẹ́rẹ́, ẹ má fún fọ́ìlì náà mọ́ etí páànù o, torí oru á gbára jọ níbẹ̀, òkè ẹ̀ á rọ̀.

Báwo lẹ ṣe máa mọ̀ pé ó ti jinná? Ẹ fọwọ́ gbá etí páànù díẹ̀. Tí àárín ẹ̀ bá ṣì ń mì tìtì, tí etí ẹ̀ dúró, kò tíì yá. Tí gbogbo ẹ̀ bá jọ mì lẹ́ẹ̀kan náà fẹ́ẹ́rẹ́, tí etí ẹ̀ ti ń ya kúrò lára páànù, tí òkè ẹ̀ sì ti ní àwọ̀ oyin, ó ti yá. Ẹ tún lè fi ọ̀bẹ tín-ínrín gún àárín ẹ̀: tó bá jáde pẹ̀lú omi funfun bíi mílíìkì, ẹ dá a padà fún ìṣẹ́jú 5, tó bá jẹ́ pé ó kàn lómi lára, tí óòtì díẹ̀ lẹ̀ mọ́ ọn, ẹ yọ ọ́. Ẹ má dúró títí ọ̀bẹ á fi jáde gbígbẹ bíi ti kéèkì, torí tó bá débẹ̀ ẹ ti pẹ́ jù. Tẹ́ ẹ bá ní tẹmómítà oúnjẹ, ẹ gún un sáàárín, dígíríì Celsius 74 lẹ̀ ń wá, ẹyin inú ẹ̀ ti jinná nìyẹn.

Tẹ́ ẹ bá gbé e jáde, ẹ má tíì gé e. Mo mọ̀ pé ebi ń pa wọ́n, mo mọ̀ pé òórùn ẹ̀ ń pè wọ́n, síbẹ̀ ẹ fún un ní ìṣẹ́jú 10. Óòtì ní fáíbà kan tó ń jẹ́ beta-glucan, òun ló máa ń jẹ́ kí omi óòtì yọ̀, kó sì ki. Bí páànù yẹn ṣe ń tutù díẹ̀díẹ̀ ni óòtì ń mu omi tó kù, tí beta-glucan sì ń dì í mú. Tẹ́ ẹ bá gé e lójú ẹsẹ̀, á túká, omi á jáde sí ìsàlẹ̀ páànù, ẹ̀ẹ́ wá máa rò pé kò jinná. Páànù kan náà, ìṣẹ́jú 10 lẹ́yìn ẹ̀, á gé rẹ́gí. Ìṣẹ́jú mẹ́wàá yẹn lẹ lè fi to abọ́, kẹ́ ẹ fi po tíì.

Ẹ bù ú pẹ̀lú yọ́gọ́ọ̀tì tí ò ní ṣúgà, tàbí kẹ́ ẹ da mílíìkì tó lọ́ wọ́ọ́rọ́ yí i ká nínú abọ́. Èmi gba ti yọ́gọ́ọ̀tì, torí ìkan díẹ̀ tó wà lára ẹ̀ máa ń bá adùn ọ̀gẹ̀dẹ̀ yẹn mu gan-an.

Tí ilẹ̀ ọjọ́ kejì bá máa yá yín jù

Ọjọ́ tẹ́ ẹ bá mọ̀ pé ẹ ò ní ráyè rárá, ẹ ṣe ìdajì iṣẹ́ náà lálẹ́. Ọ̀nà tí mo fẹ́ràn ni pé kẹ́ ẹ po àwọn nǹkan gbígbẹ sínú abọ́ kan kẹ́ ẹ dé e sórí tábìlì, kẹ́ ẹ po àwọn olómi láìsí bọ́tà sínú jọ́ọ̀gì, kẹ́ ẹ dé e sínú fìríìjì, tílẹ̀ bá mọ́ ẹ yọ́ bọ́tà, ẹ da gbogbo ẹ̀ pọ̀, kò gbà ju ìṣẹ́jú 5 lọ. Nítorí pé mílíìkì yẹn tutù, ẹ mú un lọ́ díẹ̀ ná, tàbí kẹ́ ẹ kúkú lo òróró lọ́jọ́ yẹn.

Tẹ́ ẹ bá fẹ́ pò ó pọ̀ pátápátá sínú páànù lálẹ́, ó ṣeé ṣe, óòtì á mu omi mọ́jú, inú ẹ̀ á rọ̀ sí i, kò sì ní wú tó bó ṣe yẹ torí béékìn páúdà á ti bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ kí ófùnù tó gbóná. Àwọn kan fẹ́ràn ẹ̀ bẹ́ẹ̀. Ẹ má tíì fi nọ́ọ̀tì orí ẹ̀ sí i o, àárọ̀ ni kẹ́ ẹ ṣèyẹn. Tí páànù yín bá jẹ́ ti gíláàsì tàbí amọ̀, ẹ má ti inú fìríìjì gbé e wọ ófùnù gbígbóná tààrà, ó lè là, ẹ jẹ́ kó jókòó síta bíi ìṣẹ́jú 20 sí 30 ná.

Tẹ́ ẹ bá fẹ́ yí i padà

Ẹni tí ò jẹ ẹyin, ẹ lo kóró fláàsì (flaxseed) lílọ̀, ṣíbí ìjẹun 1 pẹ̀lú omi ṣíbí ìjẹun 3 fún ẹyin kan, ẹ fi í sílẹ̀ fún ìṣẹ́jú 10 kó ki. Kò ní dì mú tó ti ẹyin, nítorí náà ẹ jẹ́ kó tutù dáadáa kẹ́ ẹ tó gé e. Mílíìkì àlímọ́ńdì, ti sóyà, ti óòtì fúnra ẹ̀, gbogbo ẹ̀ ló ń ṣiṣẹ́ ní ìwọ̀n kan náà. Mílíìkì àgbọn inú agolo ki jù, ẹ fi omi là á sí ìlàjì. Ẹni tí ò lè jẹ gluten, ìyẹn purotéènì tó wà nínú àlìkámà, óòtì fúnra ẹ̀ ò ní gluten àlìkámà nínú, àmọ́ wọ́n sábà máa ń lọ̀ ọ́ tàbí dì í níbi tí wọ́n ti ń ṣe àlìkámà, torí náà èyí tí wọ́n kọ "gluten free" sí lára ni kẹ́ ẹ rà, àwọn díẹ̀ tún wà lára wọn tára wọn ò gba óòtì rárá, irú ẹni bẹ́ẹ̀ kọ́kọ́ bi dókítà ẹ̀.

Tẹ́ ẹ bá yọ oyin kúrò pátápátá, ẹ rántí pé omi ni òun náà, ẹ fi ṣíbí ìjẹun 2 mílíìkì dí i. Tẹ́ ẹ bá fi kókò páúdà sí i, ṣíbí ìjẹun 2, ó máa ń fa omi mu, ẹ fi mílíìkì ṣíbí 2 kún un lọ́jọ́ yẹn. Ṣẹ́ ẹ rí i, ọ̀rọ̀ omi yẹn náà ni.

Ti àjẹkù

Ẹ má jẹ́ kó wà lórí tábìlì ju wákàtí 2 lọ. Tó bá ti tutù, ẹ gé e, ẹ kó o sínú ike tó ní ọmọrí, fìríìjì á gbà á fún ọjọ́ 4. Ti fírísà, ẹ fi nọ́lọ́ọ̀nù wé ẹyọ kọ̀ọ̀kan lọ́tọ̀ kí wọ́n má baà lẹ̀ mọ́ra wọn, kẹ́ ẹ wá kó gbogbo ẹ̀ sínú ọ̀rá ńlá kan, ẹ kọ déètì sí i lára, láàárín oṣù 2 sí 3 ni kẹ́ ẹ jẹ ẹ́ tán.

Tẹ́ ẹ bá fẹ́ gbé e gbóná fún gbogbo ilé, ẹ tò ó padà sínú páànù, ẹ fi fọ́ìlì bò ó, dígíríì 175 fún ìṣẹ́jú 10 sí 15, kẹ́ ẹ ṣí fọ́ìlì kúrò ní ìṣẹ́jú mẹ́ta tó kẹ́yìn kí nọ́ọ̀tì orí ẹ̀ lè padà ró. Tó bá jẹ́ ẹnì kan ṣoṣo ló ń jẹun, ẹ wọ́n mílíìkì ṣíbí ìjẹun 1 sórí ẹyọ kan, ẹ dé e, ẹ tì í sínú máíkíróweefù fún ìṣẹ́jú kan, ẹ tún fi ààbọ̀ ìṣẹ́jú kún un tó bá jẹ́ inú fírísà ló ti ń bọ̀ tí àárín ẹ̀ ṣì tutù.